Bí A Ṣe Ń Kó Orin Ìbílẹ̀ Jáde Nínú Kásẹ́ẹ̀tì Àtijọ́ Títí Tí Yóò Fi Dé Orí Rédíò

Ní ọ̀pọ̀ agbo ilé ní Ìlọrin, láti Àlánàmú dé Àjíkòbí, àti ní àwọn ìlú Ìgbómìnà bíi Òmù-Àrán, Àjàṣẹ́-Ìpo àti Ṣáárẹ́, páálí kan wà lábẹ́ ibùsùn tàbí lórí àjà tí kásẹ́ẹ̀tì kún inú rẹ̀. Dàdàkúàdà tí wọ́n kọ níbi ìwúyè wà níbẹ̀, wákà tí àwọn ìyá fi pàdé ẹni tó ti Mẹ́kà dé wà níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ náà ni orin kèǹgbè, orin ìyàwó àti orin eégún Eléwe. Àwọn ọmọ ilé fẹ́ kó wọn jáde, ṣùgbọ́n ọ̀nà tí ọ̀pọ̀ ń gbà ṣe é kì í já sí rere. Wọ́n á gbé fóònù sí ẹnu ẹ̀rọ, wọ́n á gba orin náà pọ̀ mọ́ ariwo fáànù àti igbe ọmọdé, wọ́n á fi ránṣẹ́ sí ẹbí lórí WhatsApp, wọ́n á sì da kásẹ́ẹ̀tì nù. Kò ní pẹ́ tí fóònù yóò fi bàjẹ́, tí kò ní sí ẹni tó mọ ẹni tó ń kọrin mọ́, tí atọ́kùn ètò lórí rédíò yóò sì dá ohun tó ṣẹ́ kù padà nítorí pé etí kò gbà á.

Ẹni tó ní irú páálí bẹ́ẹ̀ ni mo ń kọ èyí fún. Iṣẹ́ náà kò gba owó rẹpẹtẹ, sùúrù àti ètò ló gbà. Ìpele kẹrin ni mo fi ọkàn sí jù lọ, nítorí pé ohùn tí a kò mọ olóhùn rẹ̀, tí a kò mọ ibi tí wọ́n ti kọ ọ́ àti ẹni tí wọ́n ń kì, kò lè ṣe ọmọ tó ń bọ̀ lẹ́yìn ní àǹfààní kan lọ títí, bí ó ti wù kí ó mọ́ gaara tó.

Ohun tí ẹ ó kó jọ kí iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀

- Ẹ̀rọ kásẹ́ẹ̀tì tí ó ń ṣiṣẹ́ dáadáa, tí ó ní ihò tí ohùn ń gbà jáde lẹ́yìn. Irú èyí tó tóbi, tí a máa ń tò mọ́ ẹ̀rọ orin inú ilé, ló dára jù. Ẹ ṣọ́ra fún àwọn ẹ̀rọ kéékèèké olówó pọ́ọ́kú tí wọ́n ń polówó pé wọ́n ń sọ kásẹ́ẹ̀tì di MP3, nítorí pé eré wọn kì í dọ́gba, ohùn akọrin á sì máa mì.
- Kọ̀ǹpútà alágbèéká tí bátìrì rẹ̀ ṣì lágbára, tí ẹ ti gbé Audacity, ètò tí a fi ń gba ohùn sílẹ̀ lórí kọ̀ǹpútà, sí orí rẹ̀. Ọ̀fẹ́ ni Audacity.
- Ẹ̀rọ kékeré tí ó ń gba ohùn wọ kọ̀ǹpútà nípa USB, àti wáyà tí yóò so ó mọ́ ẹ̀rọ kásẹ́ẹ̀tì. Ihò gbohùngbohùn tó wà lára kọ̀ǹpútà fúnra rẹ̀ kò dára fún èyí.
- Hard disk méjì. Wákàtí kan orin, ní ìwọ̀n tí a ó lò, yóò gba nǹkan bíi 2 GB, nítorí náà ọgọ́rùn-ún kásẹ́ẹ̀tì oníwákàtí kan yóò gba nǹkan bíi 200 GB.
- Hẹ́dífóònù tó bo etí, òwú orí igi, isopropyl alcohol láti ọ̀dọ̀ oníkẹ́míìsì, sìkìrudíráfà kékeré, pẹ́ńsù, ìbòmú, àti ìwé ńlá kan tí yóò jẹ́ ìwé àkọsílẹ̀.

Ẹ má ṣe fi ohunkóhun rọ́pò ìwé àkọsílẹ̀ yìí. Bí kọ̀ǹpútà bá kú lọ́la, òun ni yóò sọ ohun tó wà nínú páálí.

Ìpele 1: Ẹ yẹ kásẹ́ẹ̀tì kọ̀ọ̀kan wò kí ó tó wọ inú ẹ̀rọ

Ẹ kó wọn síbi tí oòrùn kò ti ń pa wọ́n, tí eruku kò sì pọ̀. Bí ó bá jẹ́ àsìkò ọyẹ́, ẹ ti fèrèsé, nítorí pé eruku ọyẹ́ Ìlọrin a máa wọ ibi tí omi kò lè wọ̀. Ẹ ya fọ́tò iwájú àti ẹ̀yìn kásẹ́ẹ̀tì kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú ìwé tó wà nínú àpò rẹ̀, kí ẹ sì fún un ní nọ́ńbà. Ẹ fi pẹ́ńsù kọ nọ́ńbà náà sórí bébà kékeré tí ẹ ó fi sínú àpò kásẹ́ẹ̀tì. Ẹ má ṣe lẹ ohunkóhun bo ohun tí bàbá tàbí ìyá ti fi ọwọ́ ara wọn kọ sára rẹ̀, kódà bí ó bá jọ pé ohun tí wọ́n kọ kò tọ̀nà.

Lẹ́yìn náà, ẹ ṣẹ́ etí kékeré méjì tó wà lẹ́yìn kásẹ́ẹ̀tì. Etí yìí ló ń jẹ́ kí ẹ̀rọ lè gba nǹkan tuntun lé ti àtijọ́ lórí. Ìka kan tó ṣèèṣì tẹ ibi tí kò yẹ lè pa ohùn tí kò sí níbòmíràn rẹ́, ṣíṣẹ́ rẹ̀ kò sì gbà ju ìṣẹ́jú akàn lọ.

Bí ẹ bá wo ojú gíláàsì rẹ̀, tí ẹ rí èbu funfun lára tépù tó wé, ẹ yà á sọ́tọ̀ nínú ọ̀rá lójú ẹsẹ̀. *Ibí ni ọ̀pọ̀ ti ń ṣìṣe:* wọ́n á ní kí àwọn kọ́kọ́ gbọ́ ọ díẹ̀, èbu náà á sì ti inú ẹ̀rọ ran gbogbo kásẹ́ẹ̀tì tó bá tẹ̀ lé e. Ẹni tó ní ohun èlò àti ìmọ̀ ló yẹ kó fọwọ́ kan irú èyí, kí ó sì lo ìbòmú. Bí fóòmù kékeré tó wà lábẹ́ tépù bá ti já, tàbí tí ike ara kásẹ́ẹ̀tì bá ti là, ẹ ra kásẹ́ẹ̀tì mìíràn tó ní sìkúrù, kí ẹ tú u, kí ẹ sì fara balẹ̀ gbé tépù náà sínú rẹ̀. Èyí tí wọ́n kọ C120 sí lára rọrùn-ún já púpọ̀, nítorí náà ẹ má ṣe fi eré sáré yí i.

*Àyẹ̀wò:* Ẹ ki pẹ́ńsù bọ ihò rẹ̀, kí ẹ yí i. Bí ó bá yí láìgbọ̀n, láìdì, ó lè wọ ẹ̀rọ. Nígbà tí ó bá wọlé, ẹ yí i dé òpin, kí ẹ sì yí i padà sí ìbẹ̀rẹ̀ kí ẹ tó gbọ́ ọ, nítorí pé tépù tó ti jókòó pẹ́ a máa lẹ̀ mọ́ra. Bí ó bá ń han gooro, ẹ dá a dúró.

Ìpele 2: Ẹ tún ẹ̀rọ ṣe

Ẹ fi òwú tí ẹ ti rẹ sínú isopropyl alcohol nu irin tí ń ka tépù, irin tẹ́ẹ́rẹ́ tí ń fà á àti rọ́bà tó dì í mú, títí òwú kò fi ní mú àwọ̀ ilẹ̀ jáde mọ́. Ẹ jẹ́ kí ó gbẹ. Ẹ máa tún un ṣe lẹ́yìn kásẹ́ẹ̀tì mélòó kan.

Nǹkan kan tún wà tí àwọn ènìyàn kì í fi bẹ́ẹ̀ mọ̀. Irin tí ń ka tépù ní sìkúrù kékeré tó ń darí bí ó ṣe dúró. Bí ìdúró ẹ̀rọ yín kò bá bá ti ẹ̀rọ tí wọ́n fi gba orin náà nígbà náà mu, ohùn á dì bí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ láti inú ìkòkò, àwọn ènìyàn á sì rò pé kásẹ́ẹ̀tì ti bàjẹ́. Ẹ kọ́kọ́ fi àmì sí ibi tí sìkúrù náà wà, kí ẹ wá rọra yí i díẹ̀díẹ̀ bí orin ṣe ń lọ, kí ẹ sì tẹ́tí sí ìró ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ àti ìró “ṣ” lẹ́nu akọrin. Ibi tí méjèèjì bá ti mọ́ jù lọ ni kí ẹ dúró. Bí ẹ bá ní bọ́tìnì Dolby, èyí tí ń dín ariwo tépù kù, ẹ pa á, àfi bí wọ́n bá kọ ọ́ sára kásẹ́ẹ̀tì pé wọ́n lò ó.

Ní ti iná, ẹ yọ ṣájà kúrò lára kọ̀ǹpútà nígbà tí ẹ bá ń gba orin, kí ó fi bátìrì ara rẹ̀ ṣiṣẹ́. Ṣájà ló sábà máa ń fa ìró tó ń kùn lábẹ́ orin. Ẹ má ṣe fi jẹnẹrétọ̀ ṣe é bí ẹ bá ní inverter, nítorí pé bí iná bá ń lọ sókè sódò, eré ẹ̀rọ lè máa yí padà, ariwo jẹnẹrétọ̀ kò sì ní jẹ́ kí ẹ gbọ́ àléébù tó wà nínú ohùn.

*Àyẹ̀wò:* Ẹ fi kásẹ́ẹ̀tì kan tí kò ṣe yín ní nǹkan dán an wò fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Bí ẹ̀rọ bá máa jẹ tépù, kí ó jẹ ìyẹn.

Ìpele 3: Gbígba ohùn wọ kọ̀ǹpútà

Nínú Audacity, ẹ yan 96 kHz àti 24 bit, kí ẹ sì fi fáìlì pamọ́ gẹ́gẹ́ bíi WAV. Ẹ má ṣe bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú MP3, nítorí pé MP3 ń ju apá kan ohùn nù kí fáìlì lè kéré, ohun tí ó bá sì ti jù nù kì í padà. A lè sọ WAV di MP3 nígbàkígbà, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó lè mú ti MP3 padà bọ̀ sípò.

Ẹ wá ibi tí ìlù ti le jù lọ nínú kásẹ́ẹ̀tì náà, kí ẹ sì tún ìwọ̀n ohùn ṣe kí ó má ṣe kọjá -6 dB lórí òṣùwọ̀n ohùn inú Audacity, kí ó má sì wà lábẹ́ -12 dB níbẹ̀. Bí òṣùwọ̀n náà bá pọ́n, ohùn náà ti fọ́, ẹ ní láti tún un gbà. Lẹ́yìn èyí, ẹ bẹ̀rẹ̀ láti ibi tí tépù ti dákẹ́, kí ẹ sì gba gbogbo ojú kan títí dé òpin láìdánu dúró.

*Ibí tún ni ọ̀pọ̀ ti ń ṣìṣe:* wọ́n á gé ọ̀rọ̀ àárín orin kúrò. Wọ́n á yọ ibi tí onílù ti ń fa awọ ìlù, ibi tí alága ti ń dárúkọ àwọn àlejò, àti ibi tí akọrin ti ń béèrè orúkọ bàbá ẹni tó fẹ́ kì. Àwọn ibi wọ̀nyí gan-an ni yóò sọ fún yín, ní ìpele tó kàn, ibi tí wọ́n wà àti ẹni tó wà níbẹ̀. Ẹ kò gbọdọ̀ lo ohun tí ń pa ariwo lára fáìlì àkọ́kọ́ yìí rárá. Bí ẹ bá fẹ́ tún ohùn ṣe, ẹ̀dà rẹ̀ ni kí ẹ tún ṣe.

Ẹ ó tún bá kásẹ́ẹ̀tì tí ohùn rẹ̀ tín-ín-rín, tí ó ń sáré, pàdé. Ohun tó sábà máa ń fà á ni pé bátìrì ẹ̀rọ tí wọ́n fi gbà á ń kú lọ lọ́jọ́ náà, tí tépù sì ń fà lọ́ra. Ẹ gbà á bí ó ṣe wà, ẹ kọ ọ́ sínú ìwé, kí ẹ wá dín eré rẹ̀ kù lára ẹ̀dà pẹ̀lú ìrànlọ́wọ́ ẹni tó mọ ohùn akọrin náà nígbà ayé rẹ̀.

*Àyẹ̀wò:* Ojú kan C60 gbọ́dọ̀ tó ìṣẹ́jú 30, ti C90 sì gbọ́dọ̀ tó 45. Bí aago ara ògiri bá sọ pé ìṣẹ́jú 31 ni ẹ fi gbà á, ṣùgbọ́n tí fáìlì jẹ́ 29, kọ̀ǹpútà ti fo ohùn kan láàárín. Ẹ ti àwọn ètò mìíràn tó ń ṣiṣẹ́ lórí rẹ̀ pa, kí ẹ tún un gbà.

Ìpele 4: Ẹ gbé ohùn náà lọ bá àwọn tó mọ̀ ọ́n

Ẹ má ṣe sún èyí síwájú di ìgbà tí gbogbo páálí bá tán. Kásẹ́ẹ̀tì lè dúró fún ọdún díẹ̀ sí i, àwọn àgbà tó wà níbẹ̀ lọ́jọ́ náà ni kò ní dúró. Bí ẹ bá ti gba kásẹ́ẹ̀tì mẹ́ta tàbí mẹ́rin, ẹ kọrí sí ọ̀dọ̀ wọn.

Ẹ ránṣẹ́ síwájú. Ní Ìlọrin, ẹ má ṣe yan ọ̀sán Jímọ̀ọ̀, bẹ́ẹ̀ ni kí ẹ má sì ṣe fi ìbéèrè dí àkókò ìrun. Lẹ́yìn ìrun Alásáàrí ni àgbà sábà máa ń ráyè jókòó. Ẹ kí wọn bí ilé ṣe ń kí wọn, ẹ sọ ọmọ ẹni tí ẹ jẹ́, kí ẹ sì jẹ́ kí orin fúnra rẹ̀ kọ́kọ́ dún. Bí Alájì tàbí Ìyá bá gbọ́ ohùn náà, wọ́n á bẹ̀rẹ̀ sí sọ̀rọ̀ kí ẹ tó béèrè. Pẹ̀lú àṣẹ wọn, ẹ máa fi fóònù gba ọ̀rọ̀ wọn sílẹ̀, nítorí pé àlàyé wọn pàápàá jẹ́ ohun ìpamọ́.

Ẹ rí i dájú pé ẹ béèrè nǹkan wọ̀nyí: ta ni ó lé orin, àwọn wo ni elégbè, ta ni ó lu ìyá ìlù, kí ni ayẹyẹ náà, ní agbo ilé wo tàbí ìlú wo, ta ni wọ́n ń kì, oríkì ìdílé wo sì ni, kí ni ìlù ń sọ níbi tí akọrin ti dákẹ́. Ìbéèrè ìkẹyìn yìí ṣe pàtàkì gan-an. Ọ̀pọ̀ wa lè gbọ́ ọ̀rọ̀ akọrin, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tí ìlù ń sọ kò yé wa mọ́, àwọn onílù àgbà nìkan ló kù tí wọ́n lè túmọ̀ rẹ̀ ní gbólóhùn kọ̀ọ̀kan. Ẹ dá orin dúró níbẹ̀, kí wọ́n sọ ọ́, kí ẹ sì kọ ìṣẹ́jú tí ó wà. Bí orin bá jẹ́ ti Ìgbómìnà tàbí ti Ọ̀fà, ẹ kọ ọ̀rọ̀ sílẹ̀ gẹ́lẹ́ bí ẹnu ṣe pè é, ẹ má ṣe yí i sí Yorùbá inú ìwé.

Ní ti ọdún, àgbà kì í sábà rántí iye rẹ̀, orin fúnra rẹ̀ ló sì máa ń jẹ́rìí. Ayé kò tíì mọ kásẹ́ẹ̀tì kí ó tó di 1963, nítorí náà kò sí èyí tó lè dàgbà jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àwọn akọrin dàdàkúàdà fẹ́ràn láti máa dárúkọ ẹni tó wà lórí oyè. Bí wọ́n bá ń kí Ẹ́mírì Ìlọrin, Zulkarnaini Gambari, orin náà bọ́ sí àárín 1959 sí 1992. Bí ó bá jẹ́ Aliyu Abdulkadir, 1992 sí 1995 ni. Bí ó bá jẹ́ Ibrahim Sulu-Gambari, láti 1995 ni. Bí wọ́n bá pe Adamu Atta ní gómìnà Kwara, 1979 sí 1983 ni, bí ó bá sì jẹ́ Cornelius Adébáyọ̀, oṣù mẹ́ta péré tó parí ọdún 1983 ni. *Ẹ ṣọ́ra:* bí ẹ bá gbọ́ tí akọrin ń ka owó ní pọ́n-ùn, ẹ má ṣe yára sọ pé kò tíì tó 1973 tí náírà dé, nítorí pé pọ́n-ùn pẹ́ lẹ́nu wa lẹ́yìn tí ó ti kúrò lọ́wọ́ wa.

Bí ẹni méjì bá sọ ohun tó yàtọ̀ síra, ẹ kọ méjèèjì sílẹ̀ pẹ̀lú orúkọ ẹni tó sọ ọ́. Kì í ṣe iṣẹ́ yín láti dá ẹjọ́ níbẹ̀.

*Àyẹ̀wò:* Ẹ fún ọ̀dọ́ kan tí kò bá yín lọ ní àkọsílẹ̀ yín àti fáìlì náà. Bí ó bá lè tọ́ka sí ibi tí ẹnìkan ti ń kọrin, kí ó sì sọ ẹni tí ó ń kì láìbi yín léèrè, ó ti pé.

Ìpele 5: Orúkọ fáìlì àti ẹ̀dà

Orúkọ fáìlì kò gbọdọ̀ ní àmì ohùn tàbí àlàfo, nítorí pé àwọn ẹ̀rọ kan a máa sọ ọ́ di ìsọkúsọ. ILR-0014-A.wav ti tó: ILR dúró fún Ìlọrin, 0014 fún nọ́ńbà kásẹ́ẹ̀tì, A fún ojú rẹ̀. Inú ìwé àkọsílẹ̀ ni kí ẹ kọ orúkọ akọrin sí pẹ̀lú gbogbo àmì rẹ̀.

Ẹ ṣe ẹ̀dà mẹ́ta: ọ̀kan lórí hard disk tó wà nílé, ọ̀kan lórí èyí tó wà ní ilé mìíràn tàbí ìlú mìíràn, ọ̀kan lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Ẹ̀dà méjì tó wà nínú dúrọ́ọ̀ kan náà, ẹyọ kan ni lójú iná àti lójú olè. Bí ẹ bá fẹ́ fi ránṣẹ́ sí ẹbí lórí WhatsApp, ẹ ṣe MP3 rẹ̀, kí ẹ sì fi ránṣẹ́ bí ìwé, kì í ṣe bí ohùn tí a sọ. Ẹ má ṣe da kásẹ́ẹ̀tì nù. Ẹ tò ó ní òró síbi tó tutù, tí ó jìnnà sí sípíkà ńlá, nítorí pé irin òòfà inú rẹ̀ lè pa ohùn rẹ́.

Ìpele 6: Àṣẹ

Ọ̀nà méjì ni ọ̀rọ̀ yìí pín sí. Bí kásẹ́ẹ̀tì bá jẹ́ èyí tí ilé iṣẹ́ orin gbé jáde fún títà, bí irú ti Odòlayé Àrẹ̀mú tàbí Jáígbadé Àlàó, ẹ kò ní ẹ̀tọ́ láti gbé e sórí íntánẹ́ẹ̀tì nítorí pé bàbá yín ló rà á. Òfin ẹ̀tọ́ àdàkọ ti Nàìjíríà, ti 2022, dáàbò bo ohùn tí a gbà sílẹ̀ fún 50 ọdún láti òpin ọdún tí ó kọ́kọ́ jáde. Èyí tó jáde ní 1980 wà lábẹ́ òfin títí di òpin 2030, ẹ̀tọ́ ẹni tó ṣẹ̀dá orin náà sì gùn jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹ tọ́jú irú rẹ̀, kí ẹ sì wá olóhun kí ẹ tó pín in.

Bí ó bá jẹ́ èyí tí ẹbí fúnra wọn gbà níbi ayẹyẹ, akọrin àti onílù ṣì ní ẹ̀tọ́ lórí ohun tí wọ́n ṣe. Ẹ lọ bá wọn tàbí àwọn ọmọ wọn pẹ̀lú ìwé kan tó sọ ọ́ ní Yorùbá kedere: a fẹ́ fi pamọ́, a fẹ́ kí rédíò lò ó, a kò fẹ́ tà á, bí owó bá wọlé báyìí ni a ó ṣe pín in. Ẹ kà á sókè sí wọn létí kí wọ́n tó fọwọ́ sí i.

Kì í ṣe gbogbo orin ló wà fún etí gbogbo ayé. Orin awo tí a kò gbọdọ̀ kọ níta kò gbọdọ̀ dé orí afẹ́fẹ́, àwọn àgbà ìlú náà ló sì máa sọ èyí tó jẹ́ bẹ́ẹ̀. Bákan náà ni ibi tí akọrin ti ń fi orin bú alátakò rẹ̀, tí ọmọ ẹni tí ó bú ṣì wà láàyè. Ẹ kọ “ìpamọ́ nìkan” sí wọn lára.

Ìpele 7: Ilé iṣẹ́ rédíò

Ẹ má ṣe gbé páálí lọ. Radio Kwara, Harmony FM ní Ìdófìàn, Sobi FM àti àwọn mìíràn ní ètò Yorùbá, ṣùgbọ́n atọ́kùn tó ní ìṣẹ́jú 30 kò ráyè tú kásẹ́ẹ̀tì 100. Ẹ gbọ́ ètò rẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan, kí ẹ mọ ohun tó ń lò, kí ẹ wá mú orin kan péré lọ: ẹ̀dà tí ẹ ti tún ohùn rẹ̀ ṣe díẹ̀, tí kò ju ìṣẹ́jú mẹ́jọ lọ, nínú flash, pẹ̀lú ojú ìwé kan. Lórí ìwé náà ni kí orúkọ akọrin àti onílù wà, ìlú, ọdún, ìṣẹ́jú tí orin gbà, gbólóhùn tó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ àti èyí tó parí rẹ̀, ẹni tí wọ́n ń kì, àti ẹ̀dà ìwé àṣẹ. Bí ẹ bá lè mú onílù àgbà kan dání tí yóò túmọ̀ ìlù lórí afẹ́fẹ́, ètò náà yóò dùn ju orin lásán lọ.

*Ìkìlọ̀:* ẹ̀dà ni kí ẹ fún wọn, kì í ṣe kásẹ́ẹ̀tì gan-an, bí ó ti wù kí ẹni náà sún mọ́ yín tó. Ní ibi tí iṣẹ́ ti pọ̀, kásẹ́ẹ̀tì tí wọ́n ti lò tán a máa di èyí tí wọ́n gba nǹkan mìíràn lé.

Ẹ bẹ atọ́kùn pé kí ó dárúkọ akọrin àti ìlú kí orin tó bẹ̀rẹ̀ àti lẹ́yìn tí ó bá parí, kí ó sì fún àwọn olùgbọ́ ní nọ́ńbà tí wọ́n lè pè. Lọ́jọ́ náà, ẹ jókòó ti rédíò pẹ̀lú ìwé àkọsílẹ̀. Ẹnìkan á pè láti Ọ̀fà tàbí láti Òkè-Òde pé ìyá òun ló ń gbe orin yẹn. Ẹ kọ orúkọ rẹ̀, ohun tí ó sọ àti ọjọ́ tí ó sọ ọ́ sí ẹ̀gbẹ́ nọ́ńbà kásẹ́ẹ̀tì náà, kí ẹ fi àmì ìbéèrè sí i, kí ẹ má sì ṣe yọ àmì náà títí tí ẹ ó fi gbé ohùn náà dé ọ̀dọ̀ ẹni tó pè, tí òun àti àgbà mìíràn yóò sì jọ gbọ́ ọ.